Ìgbà wo ni ẹ̀tọ́ àtigba dúkìá ìdógò padà ń parí lábẹ́ òfin Íńdíà?

Ní ọjọ́ 22 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2025, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Íńdíà gbé ìdájọ́ kan kalẹ̀ nínú ẹjọ́ tó kan iléeṣẹ́ KPK Oils and Proteins. Ohun tí àwọn adájọ́ sọ ni pé ẹni tó bá fi dúkìá dúró fún owó báǹkì, tí kò sì rí owó náà san lásìkò, kò lẹ́tọ̀ọ́ mọ́ láti mú owó wá kó sì gba dúkìá rẹ̀ padà láti ọjọ́ tí báǹkì bá ti gbé ìkéde gbàǹjo jáde. Bí ìròyìn náà ṣe ń tàn kálẹ̀ ni ìdàrúdàpọ̀ ń bá a rìn. Àwọn kan ní òfin tó fún onídúkìá ní ọgbọ̀n ọdún láti gba dúkìá rẹ̀ padà, tí àwọn ti mọ̀ tẹ́lẹ̀, ti di òfo. Àwọn mìíràn ní irọ́ ni, pé ilé ẹjọ́ kan náà ló sọ lọ́dún 2014 pé ilẹ̀ tí bàbá ńlá ẹni fi dógò ṣì ṣeé gbà padà, bó ti wù kó pẹ́ tó. Ìdájọ́ gidi ni apá méjèèjì ń tọ́ka sí. Ohun tó fa ìjà ni pé ọ̀tọ̀ ni irú ìdógò tí ìdájọ́ kọ̀ọ̀kan dá lé lórí, ọ̀tọ̀ sì ni òfin tó de ọ̀kọ̀ọ̀kan.

Irú àwọn ìdógò wo ló wà ní Íńdíà?

Òfin tó ni ọ̀rọ̀ yìí ni òfin nípa gbígbé dúkìá fún ẹlòmíràn, èyí tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ṣe fún Íńdíà lọ́dún 1882, tó sì ṣì ń ṣiṣẹ́ títí dòní. Abala 58 rẹ̀ ka oríṣi ìdógò mẹ́fà. Kì í ṣe gbogbo wọn ló kan àríyànjiyàn yìí, ṣùgbọ́n ẹni tí kò bá dá díẹ̀ nínú wọn mọ̀ yàtọ̀ kò ní lè tọpa ọ̀rọ̀ náà.

Nínú èyí tó rọrùn jù, onílẹ̀ kò kúrò lórí ilẹ̀ rẹ̀. Ó kàn jẹ́jẹ̀ẹ́ pé òun yóò san owó, ó sì gbà pé bí òun kò bá san án, kí olówó lọ sílé ẹjọ́ kí wọ́n ta ilẹ̀ náà. Irú kejì ni èyí tí onídúkìá ń kó ìwé ilẹ̀ tàbí ìwé ilé rẹ̀ fún ayánilówó láti fi dúró fún gbèsè. Èyí ló wọ́pọ̀ jù lọ́dọ̀ àwọn báǹkì, nítorí pé kò la ariwo lọ. Òfin 1882 kọ́kọ́ fàyè gbà á ní àwọn ìlú ńlá bíi Kolkata, Chennai àti Mumbai, ó sì fún ìjọba ìpínlẹ̀ lágbára láti fi àwọn ìlú mìíràn kún un. Irú kẹta jọ títà ju ìdógò lọ: onílẹ̀ ta ilẹ̀ náà pẹ̀lú májẹ̀mú pé bí òun bá dá owó padà, kí olùrà dá ilẹ̀ padà. Nítorí màgòmágó tó pọ̀ nínú irú èyí, àtúnṣe òfin lọ́dún 1929 sọ pé inú ìwé kan náà tí wọ́n fi ta ilẹ̀ ni májẹ̀mú náà gbọ́dọ̀ wà, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ilé ẹjọ́ kò ní kà á sí ìdógò.

Irú kẹrin ló bí ìdájọ́ 2014. Nínú rẹ̀, olówó fúnra rẹ̀ ló ń wọ orí ilẹ̀. Á máa dáko níbẹ̀ tàbí kó máa gba owó orí ilẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tó ń dáko, á sì máa fi ohun tó bá rí níbẹ̀ dípò èlé, tàbí dípò èlé àti ojú owó pọ̀. Ẹni tó bá mọ bí wọ́n ṣe ń fi oko kòkó yáwó ní ilẹ̀ Yorùbá, tí olówó á máa ká kòkó lọ títí wọ́n á fi dá owó rẹ̀ padà, ti mọ bí irú ìdógò yìí ṣe ń rìn. Ní Punjab àti Haryana, ìpínlẹ̀ méjì ní àríwá Íńdíà, wọ́n ń pe onílẹ̀ ní rahin, wọ́n ń pe olówó ní murtahin. Orúkọ àwọn méjèèjì ni òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń tọ́jú ìwé ilẹ̀ abúlé, tí wọ́n ń pè ní patwari, máa ń kọ sínú ìwé tí wọ́n ń pè ní jamabandi, ọdún márùn-ún márùn-ún ni wọ́n sì ń tún ìwé náà kọ. Bí ọdún ti ń gorí ọdún, àwọn àrólé á rọ́pò bàbá wọn ní ìhà méjèèjì, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà "rahin" àti "murtahin" kò ní yí padà. Ìwé bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀rí tí àwọn ọmọ-ọmọ onílẹ̀ ń gbé lọ sílé ẹjọ́.

Ohun tó so gbogbo oríṣi wọ̀nyí pọ̀ ni abala 60, tó sọ pé nígbàkigbà lẹ́yìn tí àsìkò àtisan ojú owó bá ti tó, onídúkìá lè mú owó wá, kó gba ìwé rẹ̀, kó sì gba ilẹ̀ rẹ̀ bí ó bá wà lọ́wọ́ olówó. Abala náà sọ pé ohun méjì ló lè pa ẹ̀tọ́ yìí: ohun tí àwọn méjèèjì jọ ṣe, bí ìgbà tí onílẹ̀ bá ta ìyókù ẹ̀tọ́ rẹ̀ fún olówó lẹ́yìn náà, tàbí àṣẹ ilé ẹjọ́. Gbèdéke àkókò kò sí nínú abala yìí. Inú òfin mìíràn ló wà.

Ọdún mélòó ni òfin fún onílẹ̀?

Òfin gbèdéke àkókò ti ọdún 1963, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ kìíní oṣù Kìíní ọdún 1964, ní àtẹ kan lẹ́yìn rẹ̀ tó to ẹjọ́ kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú iye ọdún tí wọ́n fi lè pè é. Ẹsẹ 61 nínú àtẹ náà ló jẹ mọ́ onílẹ̀. Apá àkọ́kọ́ rẹ̀ fún un ní ọdún 30 láti pẹjọ́ pé òun fẹ́ san gbèsè kí òun sì gba dúkìá òun. Apá kejì ní bí olówó bá ti gbé dúkìá náà fún ẹlòmíràn tó san owó gidi lé e lórí, ọdún 12 péré ni onílẹ̀ ní láti gbà á lọ́wọ́ ẹni náà, òǹkà sì bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ tí onílẹ̀ gbọ́ nípa rẹ̀. Apá kẹta jẹ́ nípa àjẹlé owó tí olówó gbà lórí ilẹ̀ lẹ́yìn tí gbèsè ti tán, ọdún 3 ni tirẹ̀. Ní ti olówó, ẹsẹ 62 fún un ní ọdún 12 láti fi ẹjọ́ béèrè owó tí dúkìá dúró fún.

Ṣáájú 1964, òfin 1908 ló wà níbẹ̀, ọdún 60 ni òun sì fún onílẹ̀. Bí wọ́n ṣe gé e sí ìdajì, ẹ̀tọ́ àwọn kan ìbá kú lọ́jọ́ tí òfin tuntun bẹ̀rẹ̀. Nítorí náà ni abala 30 fi ṣí ilẹ̀kùn kékeré kan sílẹ̀: wọ́n kọ́kọ́ fún wọn ní ọdún 5, wọ́n sì sọ ọ́ di ọdún 7 lọ́dún 1969, tó fi jẹ́ pé ìparí ọdún 1970 ni oore-ọ̀fẹ́ náà dópin, àfi ẹni tí ọdún 60 tirẹ̀ bá ti pé ṣáájú ìgbà náà. Ọjọ́ yìí ṣe pàtàkì gan-an nínú àwọn ẹjọ́ Punjab àti Haryana, a ó sì padà rí i.

Abala méjì mìíràn nínú òfin yìí ni àwọn ènìyàn kì í sábà mẹ́nu bà. Abala 27 sọ pé bí àkókò àtipẹjọ́ láti gba dúkìá bá ti kọjá, kì í ṣe ilẹ̀kùn ilé ẹjọ́ nìkan ló tì, ẹ̀tọ́ sí dúkìá náà fúnra rẹ̀ ló parẹ́. Abala 18 wá sọ pé bí olówó bá kọ ọ́ sílẹ̀, tó sì fọwọ́ sí i, pé ìdógò ni ilẹ̀ náà jẹ́ lọ́wọ́ òun, òǹkà tuntun bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ tó kọ ọ́. Ṣùgbọ́n ó gbọ́dọ̀ jẹ́ kí àkókò àkọ́kọ́ tó pé. Nínú ẹjọ́ Sampuran Singh tí ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ dá lọ́dún 1999, ọdún 1893 ni wọ́n fi ilẹ̀ náà dógò, ọdún 1960 sì ni ìwé tí wọ́n sọ pé olówó fi jẹ́wọ́ jáde. Ilé ẹjọ́ ka ọdún 60 láti 1893, ó bọ́ sí 1953, wọ́n sì sọ pé ìwé 1960 kò lè jí ẹ̀tọ́ tó ti kú fún ọdún méje dìde.

Ọjọ́ wo gan-an ni òǹkà ọgbọ̀n ọdún ń bẹ̀rẹ̀?

Ibí yìí ni gbogbo ìjà wà. Iye ọdún kò fa ìjà rí, ọjọ́ tí òǹkà bẹ̀rẹ̀ ló ń fà á. Ẹsẹ 61 kò sọ pé kí wọ́n kà á láti ọjọ́ tí wọ́n kọ ìwé ìdógò. Ó ní kí wọ́n kà á láti ọjọ́ tí ẹ̀tọ́ àtisan gbèsè kí a sì gba dúkìá padà bá ti di ti onílẹ̀. Bí àdéhùn bá ní ọjọ́ nínú, kò sí wàhálà: ẹni tó fi ilé rẹ̀ dógò lọ́dún 1970, tí àsìkò àtisan owó sì jẹ́ 1975, ọdún 2005 ni ọgbọ̀n ọdún rẹ̀ pé.

Wàhálà bẹ̀rẹ̀ níbi tí olówó ti wọ ilẹ̀, tí ìwé kò sì dárúkọ ọjọ́ kankan. Irú ìwé bẹ́ẹ̀ pọ̀ ní ìgbèríko Íńdíà, àwọn míì tilẹ̀ jẹ́ àdéhùn ẹnu lásán tí patwari kọ sínú ìwé rẹ̀. Àwọn ìdílé olówó sọ pé níwọ̀n ìgbà tí kò ti sí ọjọ́, onílẹ̀ ìbá ti san owó náà ní ọjọ́ kejì tó gbà á, nítorí náà ọjọ́ ìdógò gan-an ni ẹ̀tọ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Bí a bá gba ọ̀nà yìí, ilẹ̀ tí wọ́n fi dógò lọ́dún 1925 ìbá ní títí di 1985 lábẹ́ òfin àtijọ́, ṣùgbọ́n òfin tuntun ti gé e kúrú sí ìparí 1970. Láti 1971, olówó ti di onílẹ̀ nìyẹn. Ìdí nìyí tí ọ̀pọ̀ àwọn ọmọ olówó kò fi dúró kí ẹnikẹ́ni pè wọ́n lẹ́jọ́. Àwọn fúnra wọn ni wọ́n lọ sílé ẹjọ́, tí wọ́n ní kí adájọ́ kéde pé ilẹ̀ ti di tàwọn.

Àwọn àrólé onílẹ̀ dáhùn pẹ̀lú abala 62 nínú òfin 1882. Abala yìí dá irú ìdógò tí olówó ń jẹ èrè ilẹ̀ yà sọ́tọ̀. Ó ní bí àdéhùn bá jẹ́ pé kí olówó máa fi èrè ilẹ̀ gba gbogbo owó rẹ̀, ẹ̀tọ́ onílẹ̀ láti gba ilẹ̀ padà bẹ̀rẹ̀ nígbà tí owó náà bá pé. Bó bá jẹ́ pé èlé nìkan tàbí apá kan owó ni èrè ilẹ̀ ń dí, ẹ̀tọ́ náà bẹ̀rẹ̀ nígbà tí àkókò tí wọ́n dá, bí ó bá wà, bá ti pé, tí onílẹ̀ sì san ìyókù, tàbí tó gbé e síwájú olówó, tàbí tó fi í pamọ́ sílé ẹjọ́. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé títí owó yóò fi di sísan, ẹ̀tọ́ tí ẹsẹ 61 ń sọ kò tíì bẹ̀rẹ̀, ohun tí kò bá sì tíì bẹ̀rẹ̀ kò lè parí.

Àwọn ilé ẹjọ́ kò fẹnu kò lórí èyí fún ọ̀pọ̀ ọdún. Lọ́dún 2007, ilé ẹjọ́ gíga ti Punjab àti Haryana kó adájọ́ jọ láti yanjú rẹ̀ nínú ẹjọ́ Ram Kishan, wọ́n sì gba ti àwọn onílẹ̀. Àwọn olówó pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Ní ọjọ́ 21 oṣù Kẹjọ ọdún 2014, nínú ẹjọ́ tí àwọn lọ́yà mọ̀ sí Singh Ram, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ fọwọ́ sí ìdájọ́ 2007. Wọ́n wo àwọn ìdájọ́ àtijọ́ tó ta kora, títí kan ti Sampuran Singh, wọ́n sì ṣàlàyé pé níbi tí adájọ́ bá ti kíyè sí abala 62, wọ́n sọ pé ẹ̀tọ́ onílẹ̀ ń bá a lọ títí owó yóò fi di sísan. Níbi tí wọn kò bá ti kíyè sí i, wọ́n ka ọdún láti ọjọ́ ìdógò. Wọ́n wá sọ ọ́ gbangba pé olówó tó wà lórí ilẹ̀ kò lè tìtorí pé ọgbọ̀n ọdún ti kọjá kó lọ gba ìkéde pé òun ti di onílẹ̀.

Ṣé ó wá túmọ̀ sí pé kò sí òpin rárá?

Bẹ́ẹ̀ kọ́, ibí yìí sì ni àlàyé tó ń lọ káàkiri ti máa ń ṣìnà. Ìdájọ́ 2014 sọ ibi tí òǹkà ti ń bẹ̀rẹ̀, kò fagi lé òǹkà. Bí àdéhùn bá ní kí èrè ilẹ̀ san gbogbo gbèsè, tí ìṣirò sì fi hàn pé gbèsè náà tán lọ́dún 1980, ọgbọ̀n ọdún bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀, ó sì pé lọ́dún 2010. Àrólé tó bá pẹjọ́ lọ́dún 2015 lè rí i pé ohun tó rò pé ó jẹ́ agbára òun, ìyẹn pé wọn kò jẹ gbèsè mọ́, gan-an ló pa ẹjọ́ òun. Bákan náà, bí olówó bá ti ta ilẹ̀ náà bí ẹni pé tirẹ̀ ni, apá kejì ẹsẹ 61 lè wọlé pẹ̀lú ọdún 12 rẹ̀.

Ìdájọ́ náà kò sì kan ẹni tí dúkìá rẹ̀ kò kúrò lọ́wọ́ rẹ̀, tàbí ẹni tó kàn kó ìwé ilé sílẹ̀ ní báǹkì. Fún àwọn yẹn, abala 60 ló ń ṣiṣẹ́, òǹkà sì ń bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ tí owó bá tó san. Ọ̀pọ̀ ènìyàn tó ń pín ìdájọ́ Singh Ram fún ara wọn lórí fóònù ni kò bìkítà fún ìyàtọ̀ yìí.

Bí àdéhùn bá ní "bí o kò bá san, ilẹ̀ di tèmi" ńkọ́?

Ilé ẹjọ́ Íńdíà kì í gba irú gbólóhùn bẹ́ẹ̀. Ìlànà tí wọ́n jogún láti ilé ẹjọ́ Gẹ̀ẹ́sì ni pé ohun tó bá ti bẹ̀rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ìdógò, ìdógò náà ni yóò máa jẹ́, olówó kò sì lè fi àdéhùn dí ọ̀nà ìràpadà mọ́ onílẹ̀. Ẹjọ́ tí wọ́n máa ń tọ́ka sí jù ni ti Ganga Dhar, tí ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ dá lọ́dún 1958. Ní ọjọ́ kìíní oṣù Kẹjọ ọdún 1899, ọkùnrin kan ní Ajmer fi dúkìá rẹ̀ dógò fún rúpì 6,300. Ìwé náà ní kò gbọ́dọ̀ rà á padà kí ọdún 85 tó pé, ó sì tún ní bí kò bá rà á padà láàárín oṣù mẹ́fà lẹ́yìn ọdún 85 náà, kí wọ́n kà á sí pé ó ti tà á. Àwọn tó ra ẹ̀tọ́ rẹ̀ pẹjọ́ lọ́dún 1947, wọ́n ní ọdún 85 ti pọ̀ jù, pé ìdènà ni.

Ìdájọ́ náà kò tẹ́ apá kankan lọ́rùn tán. Àwọn adájọ́ ní ọdún 85, bó ti gùn tó, kì í ṣe ìdènà fúnra rẹ̀, nítorí pé kò sí ẹ̀rí pé olówó fi ipò àìní ẹni náà rẹ́ ẹ jẹ, nítorí náà wọ́n tètè pẹjọ́ ni. Ṣùgbọ́n gbólóhùn oṣù mẹ́fà ni wọ́n gé dànù. Nítorí náà, àwọn méjèèjì lè dá àkókò tí onílẹ̀ kò gbọ́dọ̀ tíì rà á padà, ṣùgbọ́n wọn kò lè dá àkókò tí kò ní lè rà á padà mọ́. Òfin nìkan ló lè ṣe ìkejì yẹn.

Kí ló dé tí ti báǹkì fi yàtọ̀ tó bẹ́ẹ̀?

Òfin ló wá dá àkókò tí onígbèsè kò ní lè ra dúkìá rẹ̀ padà mọ́, fún àwọn báǹkì. Lọ́dún 2002, ilé aṣòfin Íńdíà ṣe òfin tí gbogbo ènìyàn ń pè ní SARFAESI, nítorí pé gbèsè tí kò ṣeé gbà ti pọ̀ lọ́rùn báǹkì, ilé ẹjọ́ sì ń fa ẹjọ́ gùn fún ọ̀pọ̀ ọdún. Lábẹ́ abala 13 rẹ̀, báǹkì á kọ́kọ́ fún onígbèsè ní ìwé ọjọ́ 60. Bí kò bá san án, báǹkì lè gba dúkìá náà kó sì tà á láìkọ́kọ́ pẹjọ́. Onígbèsè tó bá ní ẹjọ́ láti rò ní ọjọ́ 45 láti gbé e lọ síwájú ìgbìmọ̀ tó ń gbọ́ ẹjọ́ gbèsè.

Ìpín 8 nínú abala 13 ló sọ ìgbà tí onígbèsè ṣì lè san gbogbo owó kó sì gba dúkìá rẹ̀. Tẹ́lẹ̀, ó ní kí ọjọ́ tí wọ́n dá fún títà tó pé. Ilé ẹjọ́ sì na ọjọ́ yẹn gùn. Láti ọdún 1977, nínú ẹjọ́ Narandas Karsondas, wọ́n ti sọ pé kí wọ́n lu gbàǹjo nìkan kò pa ẹ̀tọ́ onídúkìá, àfi ìgbà tí wọ́n bá fi orúkọ ìwé títà sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìjọba. Lọ́dún 2014, ọdún kan náà tí wọ́n dá ẹjọ́ Singh Ram, wọ́n mú ìlànà yẹn wọ inú SARFAESI nínú ẹjọ́ Mathew Varghese. Ohun tí àwọn báǹkì ń ráhùn lé lórí ni pé kò sí ẹni tó fẹ́ kó owó rẹ̀ wá síbi gbàǹjo tí onígbèsè ti lè yọ sí i ní wákàtí tó kẹ́yìn.

Àtúnṣe òfin lọ́dún 2016, tí apá yìí bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ kìíní oṣù Kẹsàn-án ọdún náà, yí ọ̀rọ̀ ìpín 8 padà. Ní báyìí, onígbèsè gbọ́dọ̀ mú gbogbo owó wá, pẹ̀lú èlé àti ìnáwó báǹkì, kí ọjọ́ tí ìkéde gbàǹjo jáde tó dé. Ẹjọ́ tó kọ́kọ́ fi hàn bí èyí ṣe le tó ni ti Celir àti Bafna Motors, ní ọjọ́ 21 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2023. Celir ti borí níbi gbàǹjo pẹ̀lú rúpì bílíọ̀nù 1.0505. Onígbèsè, ìyẹn Bafna Motors, wá sọ pé òun yóò san bílíọ̀nù 1.29 fún báǹkì láti gba dúkìá òun, ilé ẹjọ́ gíga Bombay sì gbà fún un, nítorí pé owó tirẹ̀ pọ̀ ju ti olùrà lọ. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ yí i dànù. Wọ́n ní ẹ̀tọ́ náà ti kú lọ́jọ́ ìkéde, bó ti wù kí owó tó mú wá lẹ́yìn náà pọ̀ tó.

Ìbéèrè tó kù ni ti ẹni tó ti yáwó ṣáájú àtúnṣe 2016. Ìyẹn ni ẹjọ́ KPK Oils dáhùn lọ́dún 2025: bí ó tilẹ̀ ti yáwó ṣáájú àtúnṣe náà, bó bá jẹ́ pé ẹ̀yìn rẹ̀ ni kò rí owó san mọ́, òfin tuntun ló dè é.

Kí ni àwọn tí ọ̀rọ̀ náà kò tẹ́ lọ́rùn ń sọ?

Àwọn tó ń gbèjà onígbèsè sọ pé àlàfo tó wà láàárín ẹni méjì tó jọ fi dúkìá dógò ti pọ̀ jù. Ẹni tí baba rẹ̀ fi oko dógò fún ẹni kan lábúlé ní ìran mẹ́ta láti rà á padà, nígbà tí ẹni tó fi ilé tó ń gbé dúró fún owó òwò lè pàdánù rẹ̀ láàárín oṣù mélòó kan. Wọ́n tún ní àwọn ìlànà tí ìjọba ṣe lábẹ́ SARFAESI, níbi tí wọ́n ti dárúkọ ọjọ́ 30 fún ìkéde títà, mú kí ọ̀pọ̀ rò pé ọjọ́ 30 náà jẹ́ ti onígbèsè láti wá owó.

Àwọn báǹkì àti àwọn tó ń rajà ní gbàǹjo dáhùn pé onígbèsè ti ní ọjọ́ 60 kí wọ́n tó gba ohunkóhun, pé ìdájọ́ tó bá ń yí padà lẹ́yìn gbàǹjo kò ní jẹ́ kí ẹnikẹ́ni san iye tó tọ́, àti pé owó tí báǹkì ń wá jẹ́ ti àwọn tó fi owó pamọ́ síbẹ̀.

Ní ti ilẹ̀ abúlé, ẹnu àwọn ọmọ olówó ni ìráhùn wà. Wọ́n ní ìran wọn ti gbẹ́ kànga, wọ́n ti tẹ́ ilẹ̀ náà, wọ́n ti kọ́lé sí i, pé ẹni tó wá mú rúpì díẹ̀ tí baba ńlá rẹ̀ gbà nígbà tí rúpì ṣì níye lórí kò ṣe ẹ̀tọ́. Wọ́n tún ní àwọn ẹlẹ́rìí ti kú tán, ohun tí òfin gbèdéke sì wà fún ni pé kí ọ̀rọ̀ ní ìsinmi. Àwọn onílẹ̀ ní olówó kò pàdánù ohunkóhun, ó ti jẹ èrè ilẹ̀ náà fún gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, ó sì mọ̀ látìbẹ̀rẹ̀ pé ìdógò ni. Òfin tilẹ̀ ti gbè wọ́n rí: lọ́dún 1938, Punjab ṣe òfin kan tó dá ilẹ̀ tí wọ́n fi dógò ṣáájú ọjọ́ 8 oṣù Kẹfà ọdún 1901, tó sì ṣì wà lọ́wọ́ olówó, padà fún àwọn àgbẹ̀ tó ni wọ́n.

Kí ni kò tíì yanjú?

Nínú ìdájọ́ 2025, àwọn adájọ́ fúnra wọn sọ pé ọ̀rọ̀ inú SARFAESI àti ti àwọn ìlànà rẹ̀ kò bára mu dáadáa, wọ́n sì ní kí iléeṣẹ́ ìjọba tó ń rí sí ètò ìnáwó tún un wò. Títí wọn yóò fi ṣe bẹ́ẹ̀, ẹjọ́ nípa ìkéde wo ló kà, àti ọjọ́ wo ni wọ́n gbé e jáde, yóò máa wáyé.

Ilẹ̀ oko ni òfin 1882 àti SARFAESI ti fi àyè sílẹ̀ láàárín ara wọn. Abala 31 nínú SARFAESI yọ ilẹ̀ tí wọ́n fi ń dáko kúrò pátápátá, báǹkì kò sì lè fi ọ̀nà kíákíá yẹn gbà á. Nítorí náà ni àwọn báǹkì àti onígbèsè fi máa ń jà nílé ẹjọ́ lórí bóyá oko ni ilẹ̀ kan lóòótọ́ lọ́jọ́ tí wọ́n fi dógò, tàbí ilẹ̀ tí wọ́n kàn kọ oko sí lára nínú ìwé ìjọba. Ní Punjab àti Haryana, òfin ìràpadà ìdógò ti ọdún 1913 ṣì fún onílẹ̀ láyè láti gbé owó rẹ̀ lọ síwájú ọ̀gá àgbà ìjọba tó ń bójú tó ilẹ̀ ní àgbègbè rẹ̀, kó sì ní kó bá òun gba ilẹ̀ náà láìpẹjọ́. Apá tí ohun tó bá pa láṣẹ kò bá tẹ́ lọ́rùn lè wá gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sílé ẹjọ́.